Ìpín Ọmọdé Nínú Ogun Àwọn Baba Wa

(Ọ̀rọ̀ tí a sọ níwájú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ní ìpàdé oṣooṣù)

Bí mo bá ṣì sọ níbì kan, kí ẹ̀yin àgbà bá mi tún un ṣe, nítorí pé ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n ni a fi dá Ilé-Ifẹ̀.

Ìbéèrè ọmọ kékeré kan ni ó bí ọ̀rọ̀ tí mo mú wá lónìí. Ẹ mọ̀ pé iṣẹ́ mi ni láti kọ́ àwọn tí yóò máa kọ́ ọmọ ẹlòmíràn. Ní ọjọ́ kan, mo jókòó ní ẹ̀yìn kíláàsì láti wo ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa bí ó ti ń kọ́ àwọn ọmọdé ní ìtàn Ogun Ìjàyè. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà mọ iṣẹ́ rẹ̀. Ó ka orúkọ àwọn balógun, ó ka ọdún, ó sì ya àwòrán odi ìlú sí ara pátákó. Kí a tó wí, kí a tó fọ̀, àwọn ọmọ ti pín sí ọ̀nà méjì: àwọn kan ní ti Ìbàdàn ni àwọn, àwọn kan ní ti Ìjàyè ni àwọn, wọ́n sì ń halẹ̀ mọ́ ara wọn. Nígbà náà ni ọmọbìnrin kan tí ó jókòó níwájú na ọwọ́ sókè, ó ní, "Tíṣà, àwọn ọmọdé ńkọ́? Kí ni wọ́n ń jẹ ní gbogbo ìgbà tí wọ́n ń jà?" Olùkọ́ náà dákẹ́, ó wo ojú mi, èmi náà wo ilẹ̀. Ó ti ju ogún ọdún lọ tí mo ti ń kọ́ni ní ìtàn yìí, n kò sì bi ara mi ní ìbéèrè náà rí.

Mo lọ wá ìdáhùn sí i. Mo tún ìwé Ìtàn Àwọn Yorùbá tí Àlùfáà Samuel Johnson kọ kà, tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 1921. Mo ka ìwé tí a fi àwọn lẹ́tà Ìyáàfin Anna Hinderer ṣe, tí a tẹ̀ ní ọdún 1872, nítorí pé òun àti ọkọ rẹ̀ gbé ní Ìbàdàn láti ọdún 1853, wọ́n sì wà níbẹ̀ nígbà tí ogun náà ń jó. Ohun tí mo rí ni mo fẹ́ sọ fún yín.

Ẹ jẹ́ kí á kọ́kọ́ rántí ohun tí ó fa ìjà. Ní ọdún 1859, Aláàfin Àtìbà wàjà. Àṣà ìgbà náà ni pé kí Àrẹ̀mọ máa bá ọba kú. Ṣùgbọ́n Àtìbà ti fẹ́ pé kí Adélù, Àrẹ̀mọ rẹ̀, jọba lẹ́yìn òun. Ìbàdàn gbà bẹ́ẹ̀. Kúrunmí, Ààrẹ-Ọ̀nà-Kakaǹfò tí ó jókòó ní Ìjàyè, kọ̀ jálẹ̀. Ó ní èèwọ̀ ni, òun kò ní í forí balẹ̀ fún Adélù. Nígbà tí ó di ọdún 1860, ọ̀rọ̀ ti kọjá ẹnu, ó ti di ìbọn. Ìlú méjèèjì tí ń jà yìí kò jìnnà sí ara wọn ju ìrìn ọjọ́ kan lọ. Èdè kan ni wọ́n ń sọ, inú ahoro Ọ̀yọ́ àtijọ́ ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ti jáde, wọ́n sì ń fẹ́ ọmọ ara wọn. Àwọn Ẹ̀gbá dìde láti gbe Ìjàyè. Ọ̀nà Ìjẹ̀bú náà sì dì mọ́ Ìbàdàn. Ọ̀rọ̀ oyè ni, ẹ̀yin olóyè wa. Kò sí ọmọdé kan nínú ìgbìmọ̀ tí ó dá a sílẹ̀.

Ní ìgbà àlàáfíà, ẹ mọ bí ọjọ́ ọmọdé ti ń rí. Bí ilẹ̀ bá mọ́, yóò gbá ilẹ̀, yóò gbé akèrègbè lọ sí odò. Yóò jẹ ẹ̀kọ òwúrọ̀. Ọkùnrin yóò tẹ̀lé baba rẹ̀ lọ sí oko, obìnrin yóò bá ìyá rẹ̀ gbé igbá lọ sí ọjà. Bí ó bá di ìrọ̀lẹ́, wọn yóò ṣẹ́ igi wá sílé. Bí òṣùpá bá sì yọ, àlọ́ àti eré dé nìyẹn.

Ogun kò gba gbogbo nǹkan wọ̀nyí lọ́wọ́ ọmọ lẹ́ẹ̀kan náà. Ó ń gbà á ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Odi ni ó yí ìlú wa ká nígbà náà, yàrà sì yí odi ká, ẹnu bodè ni a sì ń gbà wọlé. Odò tí ó wà lẹ́yìn odi di ibi ẹ̀rù, nítorí pé àwọn tí ń lúgọ lẹ́bàá ọ̀nà láti kó ènìyàn lẹ́rú kì í bẹ̀rù akèrègbè orí ọmọdé. Ọmọ gan-an ni wọ́n ń wá. Igi ìdáná di ohun tí a ń fi ẹ̀mí wéwu kí á tó rí. Oko etílé nìkan ni a lè lọ, oko etílé kò sì lè bọ́ ìlú. Baba ti lọ sí àgọ́. Ẹ̀gbọ́n ọkùnrin tí ó bá ti lè gbé ẹrù ìbọn àti ẹ̀tù ti tẹ̀lé e. Ìyá di baba, di ìyá, di àgbẹ̀, di alájàpá. A ń bí ọmọ síbẹ̀, a sì ń sọ ọ́ ní Abíógun. Ẹ wo orúkọ náà dáadáa: ẹni tí ó ń jẹ́ ẹ kò mọ ohun tí à ń pè ní ayé mìíràn.

Ní Ìjàyè, oúnjẹ ni ó kọ́kọ́ dáhùn. Àwọn ìlú Òkè Ògùn ni ó ń bọ́ Ìjàyè lẹ́yìn tí ogun ti dí oko tirẹ̀ mọ́ ọn. Àwọn ọmọ ogun Ìbàdàn mọ èyí, wọ́n sì lọ gé ọ̀nà náà. Láti ìgbà náà lọ, ìyàn mú ní ìlú Kúrunmí. Àwọn àgbà a máa wí pé ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Àwọn òbí tí kò jẹ́ ta ọmọ wọn ní ìgbà ọ̀pọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọmọ ṣe ìwọ̀fà lọ́wọ́ ẹni tí ó ní oúnjẹ, àwọn mìíràn sì tà wọ́n pátápátá. Ẹ má ṣe yára dá wọn lẹ́bi. Ìyá tí ó rí i pé ọmọ òun yóò kú sí òun lọ́wọ́ kí ọjọ́ méje tó pé, ó lè rò pé ó sàn kí ó jẹ́ ẹrú tí ń jẹun ju ọmọ tí a sin lọ. Kì í ṣe ìwà ìkà ni ó ta ọmọ náà. Ogun ni ó tà á, ìyá kàn jẹ́ ọwọ́ tí ogun fi gbà owó ni.

Àwọn míràn wá ọ̀nà kẹta. Wọ́n mú ọmọ wọn lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn míṣọ́nnárì tí ó wà ní ìlú náà, ti CMS àti ti Onítẹ̀bọmi láti Amẹ́ríkà, wọ́n ní kí wọ́n bá àwọn tọ́jú rẹ̀ kí ó má baà kú, kí a má sì tà á. Àwọn Onítẹ̀bọmi kó nínú àwọn ọmọ wọ̀nyí lọ sí Abẹ́òkúta, wọ́n sì ń tọ́ wọn níbẹ̀. Ohun kan wà nínú ọ̀rọ̀ yìí tí ó yẹ kí ó mú wa ronú. Ní ọdún 1861, ogun abẹ́lé bẹ́ sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà náà, ó sì jà títí di ọdún 1865. Ìjọ tí ó rán àwọn míṣọ́nnárì náà wà ní apá gúúsù ilẹ̀ wọn, owó tí ó ń ti ibẹ̀ wá sì dẹ́kun. Ọmọ tí ogun Yorùbá lé kúrò nílé tún pàdé ebi tí ogun Amẹ́ríkà rán sí i. Bí ogun bá ti bẹ̀rẹ̀, kò sí ẹni tí ó mọ ilé tí ọwọ́ rẹ̀ yóò nà dé.

Kúrunmí kú ní oṣù kẹfà ọdún 1861. Ìjàyè fọ́ ní ọjọ́ 17 oṣù kẹta ọdún 1862. Àwọn tí ó lè sá sá lọ sí Abẹ́òkúta. A kó àwọn tí kò lè sá. Síbẹ̀ ìjà kò tán. Ó ṣí lọ sí ilẹ̀ Rẹ́mọ, ó sì dé ọdún 1865 kí ó tó rọlẹ̀. Ọmọ tí ó jẹ́ ọmọ ọdún márùn-ún nígbà tí Adélù àti Kúrunmí bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ wọn ti di ọmọ ọdún mẹ́wàá.

Ẹni kan lè wí pé, "Ìjàyè ni a ṣẹ́gun, àwọn ọmọ Ìbàdàn tí ó ṣẹ́gun ńkọ́?" Ẹ jẹ́ kí á lọ sí Kúdẹtì. Ní ilé Hinderer níbẹ̀, àwọn ọmọ pọ̀ tí wọ́n ń gbé lọ́dọ̀ wọn: ọmọ olóyè wà níbẹ̀, ọmọ tí a rà padà láti inú ẹrú sì wà níbẹ̀. Ọ̀nà Abẹ́òkúta dí, ọ̀nà Ìjẹ̀bú dí. Ohun tí ń ti etí òkun wá kò dé mọ́ bí ó ti yẹ. Iyọ̀ wọ́n. Owó ẹyọ tán lọ́wọ́ onílé. Tọkọtìyàwó náà bẹ̀rẹ̀ sí í ta aṣọ wọn àti ohun èlò ilé wọn ní ọjà kí àwọn ọmọ lè jẹun, ẹ̀wà díẹ̀ tí a fi epo àti ata sè sì di oúnjẹ wọn lọ́pọ̀ ìgbà. Ìlú tí ó ṣẹ́gun ni èyí o. Ìwọ̀nba ni ìṣẹ́gun balógun ń dé inú ìkòkò ọmọdé.

Ṣùgbọ́n ohun kan ṣẹlẹ̀ ní Kúdẹtì tí mo fẹ́ kí ẹ gbé lọ sílé. Agogo kò dákẹ́. Bí ilẹ̀ bá mọ́, a lu agogo. Àwọn ọmọ jókòó, wọ́n ka ìwé, àwọn ọmọbìnrin ránṣọ, ó di alẹ́ wọ́n kọrin, wọ́n gbàdúrà, wọ́n sùn. Ebi ń pa wọ́n, ṣùgbọ́n wọ́n mọ ohun tí yóò tẹ̀lé ohun tí ó wà níwájú wọn. Ẹ̀yin òbí àti ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, mo ti wà pẹ̀lú ọmọdé pẹ́ tó láti mọ̀ pé ètò ọjọ́ jẹ́ oúnjẹ kejì fún wọn. Ọmọ tí kò mọ̀ bóyá odi ìlú yóò wà ní ọ̀la, bí ó bá mọ̀ pé agogo yóò dún ní ọ̀la, ọkàn rẹ̀ ní ibi tí ó lè dúró lé.

Ní ọdún 1865, Glover tí ó ń ṣàkóso Èkó rán Captain Maxwell gba inú igbó wá láti mú Ìyáàfin Hinderer lọ sí Èkó, nítorí pé àìsàn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á. Ọkọ rẹ̀ dúró ti àwọn ọmọ. Ọ̀nà tí ó ṣí fún obìnrin òyìnbó náà kò ṣí fún àwọn ọmọ Kúdẹtì. N kò sọ èyí láti bu ẹni tí ó fi aṣọ ara rẹ̀ ra oúnjẹ fún ọmọ wa kù. Mo sọ ọ́ kí á lè mọ̀ pé bí àlejò ti wù kí ó ṣàánú tó, ọjọ́ kan ń bọ̀ tí yóò lọ sílé. Àwa ni a ni ọmọ wa.

Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ tí ó wà ní àyíká agogo náà ni Samuel Johnson. A bí i ní Sàró ní ọdún 1846. Ó bá baba rẹ̀ wá sí Ìbàdàn ní ọdún 1858. Ọmọ ọdún 13 sí 14 ni nígbà tí ogun bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó lọ kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ CMS ní Abẹ́òkúta, èyí tí ó di St. Andrew's College ní Ọ̀yọ́ ní ọdún 1896. Nígbà tí ogun mìíràn tún dé, ìyẹn Kírìjì tí ó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1877, kò gbé ìbọn. Òun ni Aláàfin Adéyẹmí rán níṣẹ́ sí Èkó láti wá ẹni tí yóò bá wọn parí ìjà. Ní ọdún 1886, òun àti Àlùfáà Charles Phillips rìn láàárín àgọ́ Ìbàdàn àti àgọ́ Èkìtìparapọ̀ títí a fi tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn ní ọjọ́ 23 oṣù kẹsàn-án ọdún náà. Síbẹ̀ ó di ọdún 1893 kí àgọ́ méjèèjì tó tú. Ọmọ tí a bí nígbà tí Kírìjì bẹ̀rẹ̀ ti tó gbé ìbọn kí ó tó parí.

Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ti Àjàyí Crowther. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan ní ọdún 1821, nígbà tí àwọn ìyá ń ṣe ètò oúnjẹ òwúrọ̀ ní Òṣogùn, ariwo ta pé ogun dé. Kí ilẹ̀ tó ṣú, okùn ti wà ní ọrùn ọmọ náà, pẹ̀lú ìyá rẹ̀ àti àwọn àbúrò rẹ̀. A fi í pààrọ̀ ẹṣin kan, a dá a padà, a tún un tà láti ọwọ́ dé ọwọ́ títí ó fi dé Èkó àti inú ọkọ̀ àwọn Potogí. Ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gbà á sílẹ̀ ní ọdún 1822. Ọdún 25 kọjá kí òun àti ìyá rẹ̀ tó tún rí ojú ara wọn ní Abẹ́òkúta ní ọdún 1846. Ọmọ yìí ni ó ṣe ìwé ọ̀rọ̀ èdè wa ní ọdún 1843, tí ó sì ṣe aṣíwájú nínú títúmọ̀ Bíbélì sí Yorùbá.

Ẹ jẹ́ kí á fi ọkàn wo èyí, ẹ̀yin ará. Ẹgbẹ́ wa ń yangàn, ó sì tọ́ kí ó yangàn, nítorí èdè wa tí a ń kọ sílẹ̀ àti ìtàn wa tí a ń kà. Ọwọ́ ọmọ tí ogun kó lẹ́rú ni ọ̀kan ti wá. Ọwọ́ ọmọ tí ó dàgbà ní ìlú tí ogun dí ọ̀nà rẹ̀ mọ́ ọn ni èkejì ti wá. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe tìtorí èyí wí pé ogun ṣe wá ní oore. Ọmọ méjì ni mo dárúkọ. Mélòó ni ó wà nínú okùn kan náà pẹ̀lú Àjàyí tí ọkọ̀ kankan kò gbà sílẹ̀? Àwọn wo ni ó kú sí ìgboro Ìjàyè, tí ó ṣeé ṣe kí ọ̀kan nínú wọn jẹ́ akéwì, kí ọ̀kan jẹ́ oníṣègùn, kí ọ̀kan jẹ́ ìyá rere lásán? Ohun tí a jèrè hàn sí wa. Ohun tí a pàdánù kò ní orúkọ.

Ẹ má sì ṣe rò pé ìtàn àtijọ́ nìkan ni mo ń pa. Láti ọdún 1967 títí di ọdún 1970, ogun abẹ́lé jà ní orílẹ̀-èdè wa, ebi sì pa àwọn ọmọdé Biafra nípakúpa nígbà tí a dí ọ̀nà oúnjẹ mọ́ wọn, gẹ́gẹ́ bí a ti dí i mọ́ Ìjàyè. Ní oṣù kẹrin ọdún 2014, a kó ọmọbìnrin 276 ní ilé-ẹ̀kọ́ wọn ní Chibok, gẹ́gẹ́ bí a ti kó Àjàyí. Ìbọn ti yí padà. Ibi tí ó ń bá ọmọdé kò yí padà.

Nítorí náà, ohun mẹ́ta ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ máa kọ́ ìtàn ogun wa, ẹ má fi í pamọ́. Ṣùgbọ́n ẹ máa kọ́ ọ pẹ̀lú ìpín ọmọdé nínú rẹ̀. Bí a bá ka oríkì balógun fún ọmọ ọdún mẹ́wàá, tí a kò sọ ohun tí ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jẹ ní ọjọ́ náà fún un, a kò kọ́ ọ ní ìtàn. A kàn fi ìjà tí ó ti tán lé e lọ́wọ́ ni. Ọmọ tí a kò kọ́ ni yóò gbé ilé tí a kọ́ tà.

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, ní ìlú kọ̀ọ̀kan, ẹ lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn ìyá àgbà. Ẹ bi wọ́n ní ohun tí àwọn ìyá-ńlá wọn sọ fún wọn nípa ìgbà ogun: ohun tí a sè, ibi tí a sá sí, ẹni tí ó gba ọmọ ẹlòmíràn tọ́. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, ẹ fi í ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn wa yìí. Àwọn ọkùnrin ti sọ tiwọn tipẹ́.

Ẹ̀yin ọba àti ìjòyè wa, ẹ̀yin ni mo fi ṣe ìkẹyìn nítorí pé ẹ̀yin ni ọ̀rọ̀ náà kàn jù. Àríyànjiyàn lórí oyè kò tíì tán ní ilẹ̀ Yorùbá, bẹ́ẹ̀ ni ti ilẹ̀ àti ti ààlà. Bí irú rẹ̀ bá dé iwájú yín, ẹ rántí pé ní ọjọ́ kan, olóyè méjì tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ẹjọ́ rere lẹ́nu kọ̀ láti gbọ́ ara wọn, ìkòkò ìyá kan ní Ìjàyè sì ṣófo. Erin méjì bá ń jà, koríko ni ó ń fara gbá a.

Nígbà tí àwọn ọmọ-ẹ̀yìn Olúwa wa ń jiyàn lórí ẹni tí ó ga jù láàárín wọn, kò fi ìwé òfin dá wọn lóhùn. Ó mú ọmọ kékeré kan, ó fi í sí àárín wọn. Mo rò pé ohun tí ọmọbìnrin inú kíláàsì yẹn ṣe fún èmi àti akẹ́kọ̀ọ́ mi nìyẹn. Mo padà lọ sí kíláàsì náà ní ọ̀sẹ̀ tí ó tẹ̀lé e, mo sì sọ fún un pé ẹ̀wà ni wọ́n jẹ nígbà tí wọ́n rí i, pé ọjọ́ mìíràn sì wà tí wọn kò jẹ nǹkan kan. Gbogbo kíláàsì dákẹ́. Kò sí ẹni tí ó tún sọ pé ti Ìbàdàn ni òun, tàbí ti Ìjàyè.

Kí Olódùmarè má jẹ̀ẹ́ kí á tún bí Abíógun sí ilẹ̀ wa mọ́. Àṣẹ.